Bí ayàwòrán àlejò ṣe lè ya Sàró tó ń bọ̀ sípò lẹ́yìn ogun

Sierra Leone tí àwọn bàbá wa ń pè ní Sàró ni ọ̀rọ̀ yìí dá lé. Ọjọ́ 23 oṣù kẹta ọdún 1991 ni ogun abẹ́lé bẹ́ sílẹ̀ níbẹ̀, nígbà tí àwọn ọlọ̀tẹ̀ RUF gba ẹnu ààlà Liberia wọ agbègbè Kailahun. Ọjọ́ 18 oṣù kìíní ọdún 2002 ni Ààrẹ Ahmad Tejan Kabbah kéde pé ó ti parí, tí wọ́n sì dáná sun ìbọn ní Lungi. Láti ìgbà náà ni àwọn ayàwòrán àti ayafọ́tò ti ń ti òkèèrè wá síbẹ̀, púpọ̀ nínú wọn ló sì ń gbé irú àwòrán kan náà lọ: ọwọ́ tí wọ́n gé, ojú tó ń sunkún, ọmọdé tó gbé ìbọn kọ́ èjìká.

Ẹni tó fẹ́ ya ìlú tó ń tún ara rẹ̀ ṣe la kọ èyí fún. Ohun kan la dúró lé lórí: kí ẹ ya iṣẹ́ tí ènìyàn ń ṣe kí ẹ tó ya ohun tí ojú rẹ̀ rí. Bí ẹ bá di èyí mú, yóò hàn nínú bí ẹ ṣe ń kí ènìyàn, nínú owó tí ẹ ń san, àní nínú irú bébà tí ẹ ń kó dání.

Irú àlejò wo ni yín?

Àwọn àgbà ní àlejò lójú, ṣùgbọ́n kò fi í ríran. Ọmọ Nàìjíríà tó bá wọ Freetown tún ní ẹrù mìíràn lórí. Àwọn ọmọ ogun ECOMOG, ẹgbẹ́ ọmọ ogun àpapọ̀ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tí ọmọ Nàìjíríà pọ̀ jù nínú wọn, ló lé ìjọba sójà kúrò ní Freetown ní oṣù kejì ọdún 1998. Àwọn náà ló kojú àwọn ọlọ̀tẹ̀ nígbà tí wọ́n ya wọ ìlú ní ọjọ́ 6 oṣù kìíní ọdún 1999. Àwọn kan á tìtorí èyí gbà yín tọwọ́tẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n àjọ tí wọ́n gbé kalẹ̀ fún òtítọ́ àti ìlàjà, tó parí ìròyìn rẹ̀ ní ọdún 2004, kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn ọmọ ogun ECOMOG náà pa àwọn tí wọ́n fura sí láìgbọ́ ẹjọ́ wọn. Bí ẹnìkan bá dákẹ́ lójijì nígbà tó gbọ́ ibi tí ẹ ti wá, ẹ jẹ́ kó dákẹ́. Ẹ má bá a jiyàn, ẹ má sì gbèjà ẹnikẹ́ni.

Ìbátan tó jinlẹ̀ ju ti sójà lọ tún wà. Àwọn Yorùbá tí ọkọ̀ ogun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì gbà lọ́wọ́ àwọn olówò ẹrú, tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ sí Freetown, ni wọ́n ń pè ní Aku tàbí Oku nítorí ìkíni wa, "ẹ kú". Àjàyí Crowther wà lára wọn ní ọdún 1822. Ìrandíran wọn ṣì wà ní Fourah Bay àti Foulah Town. Ẹ ó gbọ́ tí wọ́n ń pe ìkọ́mọjáde ní komojade, tí wọ́n ń pe àsè ìrántí òkú ní awujoh, ẹ ó sì rí ẹgbẹ́ Ojeh tó ń gbé eégún. Ara yín á yá gágá. Àṣìṣe tí ọmọ Yorùbá máa ń ṣe gan-an nìyẹn: á máa ya ilé bàbá rẹ̀, á sì rò pé Sàró lòun ń yà. Mende àti Temne ló pọ̀ jù ní orílẹ̀-èdè náà, ìgbèríko sì ni ogun ti jà fún ọdún púpọ̀ kó tó wọ Freetown. Ìwé tó bá kún fún Ojeh àti àkàrà nìkan kò tíì dé Kailahun, Kono tàbí Makeni.

Ẹ kọ́kọ́ wo ohun tí àwọn onílé yà. Nígbà tí àjọ òtítọ́ àti ìlàjà ń ṣiṣẹ́, wọ́n ní kí àwọn ará ìlú mú àwòrán, ewì, ère àti àkọsílẹ̀ wá nípa irú Sàró tí wọ́n ń fẹ́ lọ́jọ́ iwájú. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ ló mú un wá. Ẹ lọ sí ilé ìṣẹ̀ǹbáyé Peace Museum, nínú ọgbà tí Special Court, ilé ẹjọ́ tó gbọ́ ẹjọ́ ìwà ọ̀daràn ogun náà, lò ní Freetown, àti sí ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ìjọba ní àárín ìlú. Ẹ lo ọjọ́ mẹ́ta láàárín méjèèjì, kí pẹ́ńsù wà nínú àpò.

Ìgbà tí ẹ ó lọ, àti ohun tí ẹ ó kó dání

Ìwé ìrìnnà ECOWAS fún yín ní 90 ọjọ́ láìgba físà. Ẹ má lo èyí tó dín ní ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. Ní ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́, ẹ má ya ojú ẹnikẹ́ni: ilé, ọjà, ọkọ̀ ojú omi, poda-poda tó jẹ́ ọkọ̀ akérò ibẹ̀, okùn aṣọ, irinṣẹ́ àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ni kí ẹ máa yà. Àwọn ará àdúgbò á ti mọ̀ yín sí ẹni tó ń jókòó sábẹ́ igi pẹ̀lú ìwé, wọ́n á sì máa wá wò ó fúnra wọn.

Oṣù kọkànlá sí oṣù kẹta ló dára jù. Ní oṣù keje àti oṣù kẹjọ, òjò Freetown lè rọ̀ láti àárọ̀ dé alẹ́, bébà ò sì ní gbẹ. Lákòókò ọyẹ́, wàhálà míì ni: omi ọ̀dà á gbẹ kí búrọ́ọ̀ṣì tó dé òdì kejì bébà, ojú ilà á sì hàn níbi tí ẹ ò fẹ́. Ẹ fi kànrìnkàn tútù nu ẹ̀yìn bébà kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ sì jókòó síbi òjìji. Eruku ọyẹ́ máa ń bà lé ọ̀dà tútù, nítorí náà ẹ kọjú àwòrán sí ògiri títí yóò fi gbẹ.

Fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, ẹrù tó tó nìyí: bébà olówùú oníwọ̀n gíráàmù 300, ewé 25, kí ìbú ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 28, kí gígùn rẹ̀ jẹ́ 38, ìwé àwòrán kíákíá méjì tó ṣeé fi sápò, pẹ́ńsù 2B, 4B àti 6B, méjì méjì, búrọ́ọ̀ṣì mẹ́ta, nọ́ńbà 4, 8 àti 12, ọ̀dà olómi márùn-ún tí orúkọ wọn lára túùbù jẹ́ ultramarine, burnt sienna, burnt umber, yellow ochre àti alizarin crimson. Ẹ fi ike onídèérí tó dé pinpin kún un, àti àpò kékeré silica gel mẹ́wàá láti máa fa ọ̀rinrin. Tọpẹtáìnì kò gbọdọ̀ wọ bàálù, bẹ́ẹ̀ náà ni agolo tí wọ́n ń fọ́n kí èédú má bàa parẹ́. Bí ẹ bá ń fi èédú ya àwòrán kíákíá, èyí tí àwọn onídìrí ń fọ́n sí irun á ṣe é. Ẹ fọ́n ọn láti sẹ̀ǹtímítà 30, fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́, lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ má lò ó fún iṣẹ́ àṣeparí, torí pé bó bá pẹ́, á mú kí bébà pọ́n.

Pápákọ̀ òfurufú wà ní Lungi, òdì kejì omi. Ọkọ̀ ojú omi ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń wọ̀ kọjá sí Freetown, ìgbì sì máa ń ta sínú rẹ̀. Ẹ fi náílọ́ọ̀nù méjì di bébà kí ẹ tó kúrò nínú bàálù.

Ìdí tí a fi ń tẹnu mọ́ bébà báyìí ni pé lẹ́ẹ̀ kan wà lára bébà ọ̀dà olómi, ó dà bí sítáàṣì lára aṣọ. Òun ni kì í jẹ́ kí ọ̀dà rì. Bí ọ̀rinrin bá pẹ́ lára rẹ̀, lẹ́ẹ̀ náà á bàjẹ́ níbì kan níbì kan, ọ̀dà á sì rì bí ìgbà tí a da omi sórí owú. Ẹ ò ní mọ̀ títí ẹ ó fi ya ojú ènìyàn tán, tí àbàwọ́n á yọ lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ní àràárọ̀, ẹ kán omi sí etí ewé tí ẹ fẹ́ lò. Bí ẹ̀kán náà bá dúró lé e fún ìṣẹ́jú kan, ó ṣì dára. Bó bá rì lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, pẹ́ńsù nìkan ni kí ẹ lò lórí rẹ̀.

Nípa àwọ̀, ilẹ̀ pupa ibẹ̀ máa ń jáde bí ẹ bá po burnt sienna méjì mọ́ yellow ochre kan, kí alizarin díẹ̀ wọ̀ ọ́. Fún awọ ara, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti burnt umber mẹ́ta sí ultramarine kan. Ẹ fi alizarin sí etí, ètè àti ìka ọwọ́. Ẹ má fi dúdú inú túùbù kún un, ó máa ń pa awọ ara bí ẹni pé eérú dà sí i. Ìmọ́lẹ̀ tó ń tàn níwájú orí àti lérẹ̀kẹ́ kì í ṣe funfun. Àwọ̀ ojú ọ̀run ló ń bọ́ síbẹ̀, nítorí náà ultramarine tó fẹ́lẹ́ gan-an ni kí ẹ fi kàn án. Ìmọ́lẹ̀ aago 7 sí 10 àárọ̀ àti aago 4 sí 6 ìrọ̀lẹ́ ló dára jù. Lọ́sàn-án gangan, òòrùn wà lórí tààrà, ihò ojú gbogbo ènìyàn á dúdú, àwòrán yín á sì máa sunkún nígbà tí ẹni tí ẹ ń yà ń rẹ́rìn-ín.

Ìyọ̀ǹda

Ní ìgbèríko, ọ̀dọ̀ olóyè ìlú ni ẹ ó kọ́kọ́ yà sí. Òun ni yóò sọ bóyá kí ẹ dé ọ̀dọ̀ Paramount Chief, olórí àwọn olóyè agbègbè náà. Ẹ mú obì dání, àti owó díẹ̀ tí wọ́n ń pè ní shake hand. Ìkíni ni, kì í ṣe àbẹ̀tẹ́lẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò gba ìyọ̀ǹda ẹnikẹ́ni fún yín. Lọ́dọ̀ ẹni tí ẹ fẹ́ yà, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti orí ìkíni èdè Krio, "Kushɛ" (ẹ ǹlẹ́) àti "Aw di bɔdi?" (ṣé ara le?), kí ẹ tó ki ọwọ́ bọ àpò.

Nǹkan mẹ́rin ni kó gbọ́ kí pẹ́ńsù tó kan bébà: ohun tí ẹ fẹ́ yà, ibi tí ẹ ó gbé e kọ́, bóyá ẹ ó tà á, àti pé ó lè ní òun kò fẹ́ mọ́, kódà bí ẹ bá ti yà á tán. Ẹ tún bi í nígbà tí ẹ bá parí, torí ohun tí ènìyàn gbà kó tó rí àwòrán àti ohun tó gbà lẹ́yìn tó rí i kì í fìgbà gbogbo bára mu. Bó bá ní rárá, ewé náà di tirẹ̀. Fún ọmọdé, ẹ gba ti òbí, kí ẹ sì gba ti ọmọ náà.

Ẹ san owó àkókò. Ẹ béèrè iye tí bíríkìlà ń gbà lóòjọ́ ní ìlú náà. Ẹni tó bá jókòó fún yín láti àárọ̀ dé ọ̀sán, ìdajì owó yẹn ni kí ẹ san, ó kéré tán. Ẹ má fi kọ́bọ̀ kan lé e nítorí pé ẹnìkan fi ojú ọgbẹ́ hàn yín. Ní àgọ́ Murray Town ní Freetown, níbi tí wọ́n kó àwọn tí wọ́n gé lọ́wọ́ tàbí lẹ́sẹ̀ sí nígbà ogun, àwọn àlejò wá pẹ̀lú kámẹ́rà lọ́pọ̀ ìgbà. Àwòrán lọ káàkiri ayé, àwọn tó wà nínú rẹ̀ sì ń ráhùn pé àwọn ò rí nǹkan kan gbà nídìí rẹ̀. Ó dùn wá pé ọ̀rọ̀ náà rí bẹ́ẹ̀. Bí ẹnìkan bá wo ìwé yín tó sì kọ̀yìn sí yín, ó ní ìdí.

Ẹ má béèrè ọ̀rọ̀ ogun. Bó bá fúnra rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́, ẹ gbé pẹ́ńsù sílẹ̀, kí ẹ gbọ́. Ọwọ́ tó ń yàwòrán lọ nígbà tí ẹnìkan ń sọ bí ọmọ rẹ̀ ṣe kú ń sọ fún un pé àwòrán ló wúlò nínú ọ̀rọ̀ náà. Ẹ tún lè yà á ní ọjọ́ kejì.

Ó lé ní 70,000 ènìyàn tó gbé ìbọn sílẹ̀ nígbà tí ogun parí. Púpọ̀ nínú wọn bọ́ sídìí ọ̀kadà ní Bo, Kenema àti Makeni, wọ́n sì dá ẹgbẹ́ ọlọ́kadà sílẹ̀. Nítorí èyí, ibùdó ọ̀kadà jẹ́ ibi tó dára láti ya bí ìlú ṣe ń padà sípò: ọ̀dọ́ mẹ́rin tó ń tún táyà ṣe, ìwé owó ẹgbẹ́, ẹni tó ń fi aṣọ nu táǹkì epo. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ọlọ́kadà ìsinsìnyí ni wọn kò tíì bí nígbà ogun. Ẹ má kọ "sójà àná" sábẹ́ ẹnikẹ́ni tí kò fẹnu ara rẹ̀ sọ bẹ́ẹ̀, bó bá sì sọ ọ́, ẹ tún bi í bóyá kí ẹ kọ ọ́. Aládùúgbò rẹ̀ lè jẹ́ ẹni tí wọ́n pa bàbá rẹ̀.

Igbó Poro, ẹgbẹ́ awo ọkùnrin, àti ti Bondo, ẹgbẹ́ awo obìnrin, ẹ má súnmọ́ ọn pẹ̀lú ìwé. Ọmọ Yorùbá tó mọ ohun tí Orò jẹ́ kò nílò àlàyé. Bẹ́ẹ̀ náà ni igbó Ojeh. Bárékè àti ibùdó àyẹ̀wò ọlọ́pàá, ẹ béèrè kí ẹ tó yà á.

Agbábọ́ọ̀lù elẹ́sẹ̀ kan

Ní etíkun Lumley ní Freetown, àwọn tí wọ́n gé lẹ́sẹ̀ máa ń gbá bọ́ọ̀lù. Ènìyàn méje ló wà nínú ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan. Àwọn agbábọ́ọ̀lù ní ẹsẹ̀ kan, aṣọ́lé ní ọwọ́ kan, kò sì sẹ́ni tó gbọdọ̀ fi ọ̀pá ìtìlẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù. Kò síbi tí a lè gbà kọ́ ohun tí à ń sọ tó dára tó èyí, nítorí ẹni tó bá lọ ya ẹsẹ̀ tí kò sí, àwòrán rẹ̀ á ṣubú.

Ẹ fi ìjókòó àkọ́kọ́ ya 20 àwòrán kíákíá, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan má ju ìṣẹ́jú àáyá 30 lọ. Ìlà àkọ́kọ́ lórí bébà ni ọ̀pá, láti èjìká dé orí iyanrìn. Ọ̀pá méjèèjì ni kí ẹ yà kí ẹ tó ya orí. Nígbà tí agbábọ́ọ̀lù bá fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù, ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrò nílẹ̀, gbogbo ìwúwo rẹ̀ wà lórí àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì. Èjìká á gùn sókè títí á fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan etí, ọrùn á kúrú, ara á sì rọ̀ sáàárín ọ̀pá méjì bí agogo ṣọ́ọ̀ṣì. Ìgbà yẹn ni ẹsẹ̀ á fì wá sí iwájú.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù ni kí ayàwòrán ya orí, àyà àti ẹsẹ̀ tán, kó wá fi ọ̀pá sí i bí ẹni fi ìlẹ̀kẹ̀ sọ́rùn. Èjìká á wà nísàlẹ̀ bíi ti ẹni tó dúró lórí ẹsẹ̀ méjì, ọ̀pá ò sì ní gbé nǹkan kan. Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò báyìí: ẹ di pẹ́ńsù mú lóòró gangan sójú àwòrán láti ibi ìdodo. Ìsàlẹ̀ ọ̀pá kan gbọdọ̀ wà lápá ọ̀tún ìlà náà, èkejì lápá òsì. Bí méjèèjì bá bọ́ sápá kan náà, ó ń ṣubú. Bó bá jẹ́ pé ó ń ṣubú lóòótọ́ ni, ó dáa bẹ́ẹ̀.

Ẹ wo ilẹ̀ pẹ̀lú. Ọ̀pá máa ń rì sínú iyanrìn, ó sì ń fi ihò méjì sílẹ̀, kí ojú ẹsẹ̀ kan wà láàárín wọn, ihò méjì, ojú ẹsẹ̀ kan, títí dé ibi tí bọ́ọ̀lù wà. Bí àkókò bá kéré, ẹ ya ilẹ̀ yẹn nìkan.

Ilé, igi, àti ọdún

Àwọn ilé onípákó àtijọ́ ti Freetown dùn ún yà, ṣùgbọ́n ìlà oòrùn ìlú, Kissy àti Wellington, níbi tí wọ́n ti sun ọ̀pọ̀ ilé ní oṣù kìíní ọdún 1999, ló yẹ kí ẹ pẹ́ sí jù. Ẹ wá páànù tuntun tó ń dán láàárín èyí tó ti dógùn-ún, bíríkì sìmẹ́ńtì tí wọ́n mọ lé ìpìlẹ̀ òkúta àtijọ́, fèrèsé tí wọ́n yọ níbì kan fi sí ibòmíràn. Ẹ fi pẹ́ńsù 2B, tí ìlà rẹ̀ fẹ́lẹ́, ya ohun àtijọ́, kí ẹ fi 6B, tí ìlà rẹ̀ dúdú jù, ya ohun tuntun. Ojú á máa rí i láìsí pé ẹ kọ ọ́.

Igi Cotton Tree tó wà ní àárín Freetown wó nínú òjò ní ọjọ́ 24 oṣù karùn-ún ọdún 2023. Àwòrán tó bá fi í hàn ní ìdúró lẹ́yìn ọjọ́ náà, irọ́ ló ń pa. Bákan náà, Ebola jà níbẹ̀ láàárín ọdún 2014 sí 2016, òkè sì ya lulẹ̀ ní Regent ní ọjọ́ 14 oṣù kẹjọ ọdún 2017, ó sì pa ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn. Sàréè tí ẹ rí, ilé tó ya, obìnrin tó wọ aṣọ ọ̀fọ̀, ẹ béèrè ohun tó fà á kí ẹ tó so ó mọ́ ogun. Ní ẹ̀yìn ewé kọ̀ọ̀kan, ẹ kọ ibi tí ẹ ti yà á, ọjọ́ àti ọdún, àti iṣẹ́ ẹni tí ẹ yà. Kí àkọlé jẹ́ ti iṣẹ́: "Télọ̀ ní Kenema", "Apẹja ní Tombo". Ẹ kọ orúkọ bí ẹni náà bá ní kí ẹ kọ ọ́.

Kí ẹ tó padà

Nínú nǹkan bí 60 àwòrán kíákíá, mẹ́fà sí mẹ́jọ ló máa ń di iṣẹ́ àṣeparí. Níbi tí ẹ ti yà wọ́n ni kí ẹ ti kọ́kọ́ fi wọ́n hàn. Ní ìgbèríko, ẹ bẹ olóyè fún court barri, ilé ìpàdé tí kò ní ògiri gíga. Ẹ na okùn láti òpó dé òpó, ẹ fi ìpín aṣọ (pẹ́ẹ̀gì) kọ́ àwòrán sí i ní ìwọ̀n ojú ẹni tó dúró, ẹ sì jẹ́ kó wà níbẹ̀ láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́. Atẹ́gùn ni ọ̀tá níbẹ̀, nítorí náà ìpín méjì lókè, méjì nísàlẹ̀.

Àwọn ènìyàn á tún yín ṣe. Wọ́n á ní ọkọ́ yẹn kì í ṣe ti oko ìrẹsì, pé ẹni tó wà lápá òsì kì í gbá bọ́ọ̀lù mọ́, pé aṣọ gara (àdìrẹ ibẹ̀) kì í ní irú ìlà bẹ́ẹ̀. Ẹ mú pẹ́ńsù dání, kí ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sẹ́yìn ewé lójú ẹni tó sọ ọ́.

Ẹ ya fọ́tò iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan nínú òjìji, ẹ tẹ̀ ẹ́ ní ìwọ̀n A4 ní ilé ìtẹ̀wé, kí wọ́n fi ike bo ojú àti ẹ̀yìn rẹ̀, nítorí òjò á wọ ilé. Ẹni kọ̀ọ̀kan tí ẹ yà gbọdọ̀ gba ẹ̀dà tirẹ̀ lọ́wọ́ yín kí ẹ tó lọ. Ẹ ya ọjọ́ sọ́tọ̀ fún èyí bí ẹ ṣe ń ya owó ọkọ̀ sọ́tọ̀: ọjọ́ mẹ́rin ó kéré tán, torí àwọn kan á ti lọ sí oko, ẹ ó sì ní láti dúró dè wọ́n.